Ojú Ọ̀gá Láàrin Àwòrán

Ẹ̀yin tí ẹ ti jókòó, ẹ fara balẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn ipò, ẹ sún mọ́ iwájú díẹ̀, torí yín ni mo ṣe lanu. Ọkùnrin kan wà tí kò sí ohun tó wù ú láyé yìí ju kó wà láàrin. Àárín gbùngbùn ni mò ń wí o. Tí wọ́n bá fẹ́ ya fọ́tò, àárín ni yóò dúró. Tó bá wọ lífítì, àárín ló máa wà, àwọn yòókù á lẹ̀ mọ́ ògiri bí aláǹgbá. Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ mú un dé ìdí tábìlì ìpàdé, ó rí i pé ìpẹ̀kun tábìlì ni wọ́n gbé àga ọ̀gá sí, lójú tirẹ̀, ẹ̀gbẹ́ nìyẹn. Ó ní kí wọ́n fi ayùn lu ihò sí àárín tábìlì náà, kí wọ́n gbé àga òun sínú ihò. Wọ́n lu ú. Láti ọjọ́ náà, abẹ́ tábìlì ló máa ń rá gbà kó tó jókòó, gbogbo òṣìṣẹ́ á sì dìde dúró, wọ́n á máa wo àjà títí orí rẹ̀ á fi yọ.

Lójú rẹ̀, Ọ̀gá Àgbà Pátápátá ni wọ́n ń pè é. Lẹ́yìn rẹ̀, Baba Àárín. Òun ni olórí iléeṣẹ́ ìjọba kan tó ń ṣe fíìmù fún àwọn ọmọdé, irú èyí tí wọ́n ń fi kọ̀ǹpútà yà látòkèdélẹ̀, tí kò sí èèyàn gidi kankan nínú rẹ̀. Kò mọ nǹkan kan nípa fíìmù. Ẹ má bínú, mo purọ́ mọ́ ọn: ó mọ̀ pé wọ́n máa ń pa iná kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀.

Nínú iléeṣẹ́ yìí kan náà ni obìnrin kan wà tí wọ́n ń pè ní Aláwòrán. Yàrá kékeré lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni ibi iṣẹ́ rẹ̀, tábìlì kan, kọ̀ǹpútà méjì, fèrèsé kan tí kì í tì dáadáa. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa dá àwọn ẹ̀dá inú ìtàn àtijọ́, àwọn tí ojú ẹnikẹ́ni ò rí rí. Á kọ́kọ́ fi lẹ́ẹ̀dì yà á sórí ìwé. Á wá mọ ọ́n sínú kọ̀ǹpútà bí ẹni mọ amọ̀, á to eegun sí i nínú, á fi awọ bò ó. Tó bá parí tirẹ̀, Ẹlẹ́rọ, ọkùnrin tí wọ́n jọ ń lo yàrá náà, á mú un rìn.

Ẹ̀dá tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́dún tí mò ń sọ yìí ń jẹ́ Abódòṣọ̀rẹ́. Ìyá rẹ̀ ló ti pa ìtàn rẹ̀ fún un láti kékeré. Ẹran kan tó ń gbé létí odò, ó ní ara ẹfọ̀n, ó ní ẹsẹ̀ lékeléke, ìpẹ́ ẹja bò ó láti ọrùn dé ìrù, ẹ̀yìn ló sì fi ń gbé àwọn tí omi bá fẹ́ gbé lọ. Ojú rẹ̀ ló wá ṣòro. "Ojú àgbàlagbà tó fẹ́ rẹ́rìn-ín," Màmá máa ń wí, "tó wá rántí pé òun ò tíì sọ àwàdà náà tán." Ẹ ò rí i pé iṣẹ́ ń bẹ! Odidi oṣù mẹ́rin ni Aláwòrán fi wá ojú yẹn. Lọ́jọ́ tó rí i, ó dìde lórí àga, ó pàtẹ́wọ́ fún ara rẹ̀.

Ìkánjú sì wà nínú ọ̀rọ̀ náà, torí ojú Màmá ń lọ. Dókítà ti ní kò ní ju oṣù mẹ́ta lọ mọ́, ìmọ́lẹ̀ àti òkùnkùn nìkan ni yóò máa dá mọ̀. Màmá ò sunkún, kò sì bá ẹnikẹ́ni jà. Ohun kan ṣoṣo ló bèèrè.

"Ọmọ mi, ṣé màá rí ẹran mi kí ilẹ̀ tó ṣú?"

"Ẹ máa rí i, Màmá. Mo ṣèlérí."

Ẹ fi ìlérí yẹn sọ́kàn. Òun ni gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ.

Lọ́jọ́ kan, Baba Àárín wá wo iṣẹ́. Akọ̀wé rẹ̀ tẹ̀lé e lẹ́yìn, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó jẹ́ pé láti ọdún méje tó ti wà nídìí iṣẹ́, ọrùn rẹ̀ ò tíì yí sọ́tùn-ún sósì rí, òkè sísàlẹ̀ nìkan ló mọ̀. Baba Àárín fi ẹsẹ̀ wọn yàrá náà, ó rí àárín rẹ̀, ó dúró síbẹ̀, ó wúkọ́.

"Ẹ̀yin òṣìṣẹ́ ìjọba," ló fi bẹ̀rẹ̀. Èèyàn méjì péré ló wà níbẹ̀ o. "Lónìí tí í ṣe òní, mo dúró níwájú yín. Mo dúró lẹ́yìn yín. Mo dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín lọ́tùn-ún, mo dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín lósì. Kí la wá ń pe ibi tí mo wà?"

"Àárín, sà!" Akọ̀wé ti pariwo kó tó parí ọ̀rọ̀.

"Ẹ ṣeun. Ẹ ṣí ẹran náà."

Aláwòrán ṣí i. Abódòṣọ̀rẹ́ yọ, ó gbé ẹsẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ kan, ó yíjú sí wọn, ẹ̀rín tó fẹ́ rín ń bẹ lẹ́nu rẹ̀. Baba Àárín wò ó títí.

"Kò kí mi," ló wí.

"Sà?"

"Mo wọlé, ẹran yìí rí mi, kò kí mi. Ó tún fẹ́ fi mí rẹ́rìn-ín."

"Kò ní ẹ̀kọ́ ilé, sà," Akọ̀wé dá sí i.

"Ta ló ni ojú yẹn?"

"Ojú tirẹ̀ ni, sà," Aláwòrán dáhùn.

"Ojú tirẹ̀! Ìjọba gbé iléeṣẹ́ kalẹ̀, ìjọba ra kọ̀ǹpútà, gbogbo ọmọ orílẹ̀-èdè á wá jókòó, ojú ẹran ni wọ́n máa wò? Ojú tèmi ni kí ẹ fi sí i."

Aláwòrán kúnlẹ̀. "Sà, ẹ dákun, ẹ ṣàánú mi. Ìyá mi ló—"

"Ṣé ìyá ẹ ń ṣiṣẹ́ níbí?"

"Rárá, sà."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀."

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ì bá parí sí, àmọ́ Ẹlẹ́rọ, tí kì í lè pa òtítọ́ mọ́nú, la ẹnu. "Sà, ẹ jẹ́ n tètè sọ ọ́ o, ẹran yìí kì í wà láàrin nígbà gbogbo. Ìgbà míì, á bọ́ sí ẹ̀gbẹ́."

Baba Àárín di orí mú. "Ojú mi? Ní ẹ̀gbẹ́?" Akọ̀wé sáré fi abẹ̀bẹ̀ ìwé fẹ́ ẹ. Ká tó ṣẹ́jú, ó ti ní kí wọ́n mú ìwé wá, ó sì pe àṣẹ yìí tí Akọ̀wé ń kọ: "Nínú gbogbo àwòrán tó wà nínú fíìmù yìí, ohunkóhun tó bá wà láàrin gbùngbùn, ojú Ọ̀gá Àgbà Pátápátá ni kó lò. Ojú náà kò gbọdọ̀ kúrò láàrin rárá. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi ọgbọ́n tirẹ̀ kún un. Ẹnikẹ́ni tó bá dá fíìmù náà dúró kó tó parí láìsí ìwé àṣẹ, iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀." Ó fọwọ́ sí i. Ó lu òǹtẹ̀ mọ́ ọn láàrin ìwé, lórí ọ̀rọ̀ náà gan-an, débi pé ẹ gbọ́dọ̀ gbé e sí ìmọ́lẹ̀ kí ẹ tó rí i kà.

Ẹ lè máa wí pé, ṣé wọn ò wá lè fi ọgbọ́n ṣe é ni? Ẹ jẹ́ n sọ ti Káfíńtà fún yín. Igun ni ilẹ̀kùn gbọ̀ngàn iléeṣẹ́ náà wà tẹ́lẹ̀. Baba Àárín ní kí Káfíńtà wá gbé ilẹ̀kùn ńlá kan sí àárín ògiri. Káfíńtà ní, "Ọ̀gá, yàrá tí wọ́n ń kó ìgbálẹ̀ sí ló wà lẹ́yìn àárín yẹn o." Ẹ̀ṣẹ̀ tó ṣẹ̀ nìyẹn. Wọ́n lé e kó tó kó irinṣẹ́ rẹ̀ tán, wọ́n mú ẹlòmíì wá, kò sì bèèrè nǹkan kan. Ilẹ̀kùn náà rẹwà, ẹ máa fẹ́ wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Wọ́n so aṣọ pupa tẹ́ẹ́rẹ́ kan mọ́ ọn, wọ́n ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ gba ibẹ̀ títí ọjọ́ tí Mínísítà bá wá. Ilẹ̀kùn igun ni gbogbo ayé ṣì ń gbà.

Wọ́n wá gba ojú Baba Àárín sínú kọ̀ǹpútà. Ogójì kámẹ́rà ni wọ́n fi yí i ká, òun wà láàrin, inú rẹ̀ dùn dẹ́yìn. Ẹlẹ́rọ ní kó rẹ́rìn-ín, kó bínú, kó la ẹnu, kí ojú náà lè mọ gbogbo ìṣe.

"Ojú olórí kì í yí padà," Baba Àárín wí, ó sì le ojú koko. Bí ẹni tó fẹ́ ka ìwé òfin láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin ló rí. Ojú kan yẹn nìkan ni wọ́n rí gbà.

Lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ fi ojú náà sí i, Aláwòrán ò lè jẹun. Ẹlẹ́rọ sún àga mọ́ ọn.

"Báwo la ṣe fẹ́ ṣe é?"

"Bó ṣe kọ ọ́," Aláwòrán wí.

"Ohunkóhun tó bá wà láàrin?"

"Ohunkóhun. Ká má fi ọgbọ́n tiwa kún un." Ó nu ojú rẹ̀. "Àmọ́ má pa ojú ẹran mi rẹ́. Jẹ́ kó wà lábẹ́ níbẹ̀."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n kọ àṣẹ náà fún kọ̀ǹpútà. Kọ̀ǹpútà ní tirẹ̀ ò mọ ọ̀gá, kò mọ ìyàtọ̀ ẹran àti kòkòrò. Ohun tó bá ti bọ́ sí àárín ni yóò gbé ojú wọ̀ fún. Tí nǹkan náà bá sì ti kúrò láàrin, á gba ojú lọ́wọ́ rẹ̀, á gbé e fún ẹni tó kàn.

Aláwòrán gbìyànjú kí ọ̀gá wò ó ṣáájú, n ò ní purọ́ mọ́ ọn. Ó lọ nígbà àkọ́kọ́, Akọ̀wé ní ọ̀gá wà lábẹ́ tábìlì, ó ń bọ̀ wá jókòó. Ó padà lọ, Akọ̀wé ní, "Ọ̀gá kì í wo ohun tí kò tíì parí." Nígbà tó parí, ó tún lọ.

"Ọ̀gá kì í wo ohun tó ti parí," Akọ̀wé wí, "kí Mínísítà tó wò ó."

"Ẹ dákun, ẹ sọ fún wọn pé ó yẹ kí wọ́n rí i."

"Ṣé ọgbọ́n lo fẹ́ fi kún un ni?"

"Rárá o," Aláwòrán wí. Ó yí padà. Tí ẹ bá bi mí bóyá inú rẹ̀ dùn díẹ̀ bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, màá ní kí ẹ bi Ẹlẹ́rọ.

Ọjọ́ pé. Ọ̀sán gangan ni. Mínísítà dé, obìnrin kúkúrú kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Gbogbo àga iwájú ti kún fún àwọn èèyàn ọ̀gá, ìlà ẹ̀yìn pátápátá, lẹ́bàá ògiri, ni wọ́n fún Aláwòrán àti ìyá rẹ̀. Màmá wọ aṣọ tó dára jù lọ nínú àpótí rẹ̀. Ó na ọrùn, ó na ọrùn, kò rí ju ìmọ́lẹ̀ funfun lọ.

"Ṣé ibẹ̀ yẹn ni?"

"Ibẹ̀ ni, Màmá."

Akọ̀wé bọ́ síwájú, ó fi wákàtí kan gbáko kí ọ̀gá rẹ̀. "Ìdodo orílẹ̀-èdè! Kókó inú èso! Ẹni tó jẹ́ pé bí kò bá sí i láàrin, ọ̀tún àti òsì ì bá ti wó lu ara wọn!" Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́ títí ọwọ́ fi ń ta wọ́n. Baba Àárín dìde, ó jókòó, ó tún dìde. Wọ́n pa iná, èyí tó mọ̀ dáadáa.

Odò yọ. Abódòṣọ̀rẹ́ fi ẹsẹ̀ lékeléke rìn bọ̀ wá sí àárín, ojú Baba Àárín sì wà lórí rẹ̀, ó le koko. Àtẹ́wọ́ dún. "Ojú nìyẹn!" Akọ̀wé ké. Mínísítà kọ nǹkan kan sínú ìwé kékeré rẹ̀.

Ìtàn ń lọ. Ewúrẹ́ kan wá mumi létí odò, Abódòṣọ̀rẹ́ sì yẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ fún un. Ewúrẹ́ bọ́ sí àárín. Ojú Ọ̀gá Àgbà Pátápátá fò fẹ̀rẹ̀, ó bà lé ewúrẹ́. Ewúrẹ́ ń jẹ koríko, ojú náà ò yí padà. Ẹnì kan wúkọ́ nínú òkùnkùn. Ewúrẹ́ mumi tán, ó yí ẹ̀yìn padà, ó tẹ̀ba láti jẹ koríko sí i. Kí ló wá wà láàrin gbùngbùn àwòrán? Ẹ̀yin náà ti mọ̀ ọ́n. Ìdí ewúrẹ́ ni. Ojú Baba Àárín wà níbẹ̀, ó tóbi tó ògiri, ìrù ewúrẹ́ ń jù lórí rẹ̀ bí fìlà tí atẹ́gùn fẹ́ gbé.

Kò sẹ́ni tó kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Akọ̀wé, tí ojú rẹ̀ wà nílẹ̀ nítorí ìtẹríba, gbọ́ ìdákẹ́jẹ́ náà, ó rò pé ìgbà àtẹ́wọ́ ti tó, ó tún ké pé, "Ojú nìyẹn!"

Háà! Ẹ̀rín bú gbàù nínú gbọ̀ngàn. Àwọn àgbà òṣìṣẹ́ di ikùn mú. Eṣinṣin kan fò wá sí àárín, òun náà gba ojú. Ọ̀pọ̀lọ́ na ahọ́n, ó gbé eṣinṣin mì tojú-tojú, ó wá jókòó sí àárín pẹ̀lú ojú kan náà, ó ń lá ẹnu.

"Ẹ pa á!" Baba Àárín pariwo. "Ẹ pa á báyìí!"

Ẹlẹ́rọ, nídìí ẹ̀rọ, gbé ọwọ́ sókè. "Sà, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ìwé àṣẹ wà? Ẹ ti ní ẹni tó bá dá a dúró láìsí ìwé—"

"Akọ̀wé! Kọ ọ́! Níbo ni òǹtẹ̀ wà?"

"Ó wà lórí tábìlì yín, sà. Láàrin."

Ó sáré lọ síwájú láti fi ara bo àwòrán náà. Àárín ló dúró sí, ibòmíì ò wá sí i lọ́kàn. Ìdí ewúrẹ́ tún ti padà dé, ó sì tàn sí i láti orí dé àyà, ó wá di pé ojú méjì ló wà níbẹ̀, ìkan ń làágùn, ìkan ò yí padà.

Ìlà ẹ̀yìn ni ẹ̀rín náà ti dun Aláwòrán jù. Màmá di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Kí ni wọ́n ń rín? Ṣé ẹran mi ni wọ́n ń rín? Abódòṣọ̀rẹ́ kì í ṣe ẹran yẹ̀yẹ́ o." Aláwòrán fi ọwọ́ kejì bo ojú. Ó ti ṣèlérí, ó sì mú ìyá rẹ̀ wá gbọ́ irú èyí.

Wọ́n tan iná. Mínísítà ní kí wọ́n mú ìwé àṣẹ wá. Ó gbé e sí ìmọ́lẹ̀, ó yí i sọ́tùn-ún, ó yí i sósì, ó kà á tán.

"Ta ló fọwọ́ sí èyí?"

"Èmi ni, mà, àmọ́ ohun tí mo ní lọ́kàn—"

"Ohun tí ẹ kọ ni mo kà. Àwọn òṣìṣẹ́ yín ṣe é bí ẹ ṣe kọ ọ́." Ó pa ìwé dé. "Láti ọ̀la, ẹ fi àga yẹn sílẹ̀."

Baba Àárín na ara rẹ̀ tàntàn. Ó fẹ́ kúrò níbẹ̀ pẹ̀lú iyì. Ó wo ilẹ̀kùn igun, ó ṣá a tì. Ó yí sí ilẹ̀kùn ńlá tó wà láàrin, ó já aṣọ pupa, ó gbé àyà síwájú, ó wọlé, ó sì ti ilẹ̀kùn gbàgà lẹ́yìn ara rẹ̀.

Gbogbo èèyàn dúró. Wọ́n gbọ́ tí nǹkan ṣubú, wọ́n gbọ́ ìró korobá. Kò jáde. Àgbà tó jẹ àjẹìwẹ̀yìn, wọ́n ní òun ni yóò ru igbá rẹ̀ délé. Èyí ò tilẹ̀ rí ọ̀nà ilé lọ. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀, ìyá tó ń gbálẹ̀ lọ kan ilẹ̀kùn jẹ́jẹ́.

"Ẹ má bínú, sà. Tó bá rọ̀ yín lọ́rùn, ẹ bá mi na ìgbálẹ̀ kan síta. Wọ́n ti fẹ́ lọ, mo fẹ́ gbálẹ̀."

Ìgbálẹ̀ kan yọ níbi ilẹ̀kùn.

Nígbà tí ọ̀gá tuntun dé, àṣẹ kan ṣoṣo ló kọ́kọ́ kọ: kí wọ́n yọ ojú ẹni àná kúrò nínú fíìmù. Ẹlẹ́rọ tẹ bọ́tìnnì kan, ojú náà ká kúrò bí èèpo, Abódòṣọ̀rẹ́ sì wà lábẹ́ níbi tí wọ́n fi í sí. Aláwòrán ò dúró de gbọ̀ngàn mọ́. Lọ́jọ́ kejì ló mú Màmá gun àtẹ̀gùn wá sí yàrá kékeré náà, ó fi í jókòó síwájú kọ̀ǹpútà, ó fà á sún mọ́ ọn títí imú rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan gíláàsì.

Ẹran náà yọ. Ó gbé ẹsẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, ó yíjú sí wọn, ó fẹ́ rẹ́rìn-ín.

Màmá wo ìpẹ́, ó wo ẹsẹ̀, ó wá wo ojú, ó pẹ́ níbẹ̀.

"Ìwọ rèé," Màmá wí, kì í ṣe ọmọ rẹ̀ ló ń bá sọ̀rọ̀. "O ti pẹ́ jù o. Ẹ wò ó, kò tilẹ̀ gbó. Èmi nìkan ni mo gbó." Ó fọwọ́ kan gíláàsì náà. "Ẹ pa á, ó tó. Mo ti rí i."

Ó di ojú rẹ̀ méjèèjì. Nígbà tí wọ́n ń sọ̀ kalẹ̀, kò là wọ́n, ọwọ́ ọmọ rẹ̀ ló dì mú. Ní ọ̀nà tóóró ìsàlẹ̀, ọkùnrin kan fara lẹ̀ mọ́ ògiri kí wọ́n lè ráàyè kọjá. Ó ti di ẹni tó ń ka àga nínú yàrá ẹrù báyìí, kò sì sí ibi tó dúró sí tí àwọn èèyàn ò ní máa wò bóyá àárín ni.

"Ẹ káàsán, mà," ló wí jẹ́jẹ́.

"Ta nìyẹn?" Màmá bèèrè.

"Ẹnì kan tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ni, Màmá."

Wọ́n wọ bọ́ọ̀sì. Oòrùn ń wọlé látojú fèrèsé, Màmá ò sì lajú síbẹ̀síbẹ̀. Ẹ̀rù ba Aláwòrán, ó fọwọ́ kàn án léjìká.

"Màmá, ṣé ẹ ti sùn ni? Àbí ojú ló ń dùn yín? Ẹ lajú, ẹ wo ìta, ilẹ̀ ò tíì ṣú."

"Mi ò sùn. Tí mo bá lajú báyìí, nǹkan míì á gorí rẹ̀." Màmá fi ọwọ́ bo ọwọ́ ọmọ rẹ̀. "Jẹ́ n tọ́jú rẹ̀ délé. Ó wà láàrin gbùngbùn."